Ṣé O Mọ Ìlú Tí Kò Mọ Odi?

Ṣé o mọ̀ pé ìlú tí gbogbo ilẹ̀ Gíríìsì bẹ̀rù jù lọ láyé àtijọ́ kò ní odi? Fún ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún, kò mọ ẹyọ kan! Sparta lorúkọ rẹ̀, lẹ́bàá odò Eurotas. Àwọn ọmọ ogun rẹ̀ ni odi rẹ̀.

Ọba mélòó lo rò pé ó ń jẹ níbẹ̀? Méjì! Lẹ́ẹ̀kan náà! Ọ̀kan láti ìdílé Agiad, ọ̀kan láti ìdílé Eurypontid.

Síbẹ̀, àwọn márùn-ún kan wà tí ọba méjèèjì gbọ́dọ̀ ṣọ́ra fún. Ephor ni wọ́n ń pè wọ́n. Ọdún kan péré ni wọ́n ń lò nípò. Bí ọba bá wọlé, gbogbo èèyàn á dìde. Ephor kò ní dìde. Wọ́n tilẹ̀ láṣẹ láti ní kí wọ́n mú ọba!

Ìgbìmọ̀ àgbà tún wà. Àgbà 28, pẹ̀lú ọba méjì, ó di 30. Bí o kò bá tíì pé ẹni 60 ọdún, má wulẹ̀ dé ibẹ̀. Bí o bá sì ti débẹ̀, ikú nìkan ló lè yọ ọ́.

Wá gbọ́ bí wọ́n ṣe ń dìbò yàn wọ́n. Wọ́n á ti àwọn kan mọ́ yàrá nítòsí. Wọn ò rí ìta, ará ìta ò rí wọn. Àwọn tó ń du ipò á wá máa kọjá níwájú ará ìlú lọ́kọ̀ọ̀kan, láìsọ ohunkóhun. Ará ìlú á hó yèè! Àwọn tó wà nínú yàrá á tẹ́tí, wọ́n á kọ ọ́ sílẹ̀: ti ẹni kìíní, ariwo díẹ̀, ti ẹni kejì, ariwo tó mi ilé. Ẹni tí ariwo rẹ̀ bá pọ̀ jù ló wọlé. Wọn ò mọ ẹni tí í ṣe. Ariwo nìkan ni wọ́n gbọ́!

Má tíì lọ. Ọmọkùnrin wọn ńkọ́? Bó bá ti pé ọdún 7, ó kúrò nílé ìyá rẹ̀ nìyẹn. Ó di ti ìlú, ó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ogun.

Bó bá di ọmọ ọdún 12, aṣọ ìbora kan ṣoṣo ló ní fún odidi ọdún. Òjò ni o, òtútù ni o. Bàtà? Kò sí.

Ibùsùn rẹ̀ ńkọ́? Esùsú etí odò ni. Òun fúnra rẹ̀ ló máa lọ ṣẹ́ ẹ wá. Ọwọ́ lásán ni yóò sì fi ṣẹ́ ẹ, kò gbọdọ̀ mú ọ̀bẹ dání.

Oúnjẹ tí wọ́n ń fún un kì í yó o. Kó lọ jí i! Bí wọ́n bá mú un, ẹgba ni. Kì í ṣe nítorí pé ó jalè. Nítorí pé wọ́n rí i mú!

Plutarch, òǹkọ̀wé Gíríìsì, sọ ìtàn ọmọ kan tó jí ọmọ kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀, tó fi í pamọ́ sábẹ́ aṣọ. Ẹranko náà ń fi èékánná àti eyín fa ikùn rẹ̀ ya. Ọmọ náà ò mira. Ó kú síbẹ̀, kò jẹ́wọ́.

Bó bá dàgbà ńkọ́? Kì í jẹun alẹ́ nílé. Ó gbọ́dọ̀ wọ ẹgbẹ́ àjùmọ̀jẹun, bí ọkùnrin 15 nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Búrẹ́dì ni wọ́n fi ń dìbò gbà á! Kálukú á mú èérún búrẹ́dì, á jù ú sínú àwo, kò ní sọ̀rọ̀. Ẹni tí kò bá fẹ́ ẹ á kọ́kọ́ fọwọ́ tẹ tirẹ̀ pẹlẹbẹ. Ẹyọ kan péré tó bá pẹlẹbẹ, kò wọlé mọ́ nìyẹn.

Kí ni wọ́n ń jẹ níbẹ̀? Ọbẹ̀ dúdú. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀, ẹ̀jẹ̀, iyọ̀ àti ọtí kíkan. Àwọn àgbà á fi ẹran sílẹ̀ fún ọ̀dọ́, wọ́n á máa mu omi ọbẹ̀. Ọba Pontus kan tilẹ̀ wá alásè Sparta kan rà nítorí ọbẹ̀ yìí. Ó tọ́ ọ wò, kò dùn mọ́ ọn lẹ́nu. Alásè ní, "Ọba, ẹni tó bá ti wẹ̀ nínú odò Eurotas ló ń gbádùn rẹ̀."

Owó wọn ńkọ́? Irin! Wọ́n ní owó tí kò tó nǹkan, o máa nílò odidi yàrá láti tọ́jú rẹ̀, àti màlúù méjì láti fà á.

Ó yá, ká bọ́ sọ́dọ̀ àwọn obìnrin. Wọ́n ń sáré, wọ́n ń ja ìjàkadì, wọ́n ń ju ọ̀kọ̀. Wọ́n sì nílẹ̀. Aristotle, onímọ̀ ọgbọ́n orí ará Gíríìsì, ní ìdá méjì nínú márùn-ún ilẹ̀ náà ló wà lọ́wọ́ obìnrin!

Ìyàwó tuntun ńkọ́? Wọ́n á fá orí rẹ̀ kodoro, wọ́n á wọ aṣọ ọkùnrin fún un. Ọkọ á yọ́ wá lóru, á yọ́ padà lọ sùn lọ́dọ̀ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Plutarch ní àwọn kan ti bímọ kí wọ́n tó rí ojú ìyàwó wọn lójú ọ̀sán!

Kyniska, ọmọ ọba Sparta, ló ni àwọn ẹṣin tó gba ẹ̀bùn eré kẹ̀kẹ́ ẹṣin ní Òlíńpíìkì, ní ọdún 396 kí a tó bí Kristi. Ní 392, ó tún gbà á. Obìnrin kankan kò ṣe irú rẹ̀ rí ṣáájú rẹ̀.

Wọn kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ ní Sparta. Ọba Philip ti Masidóníà ránṣẹ́ sí wọn: "Bí mo bá wọ ilẹ̀ yín, màá lé yín jáde." Ìdáhùn wọn? "Bí." Ó tán!

Gbọ́ ti Gorgo, olorì. Wàláà onígi kan dé láti ilẹ̀ Páṣíà. Ìda ló wà lójú rẹ̀, kò sí ọ̀rọ̀ kan níbẹ̀. Gbogbo ọkùnrin yí i síwá, yí i sẹ́yìn, kò yé wọn. Gorgo ní, "Ẹ ha ìda yẹn kúrò." Wọ́n ha á. Lára igi lábẹ́ ìda lọ̀rọ̀ wà: ogun Páṣíà ń bọ̀!

Ogun ọ̀hún dé ní 480 kí a tó bí Kristi. Leonidas ọkọ Gorgo mú 300 ọkùnrin lọ sí Thermopylae. Gbogbo wọn ló ti bí ọmọkùnrin tó wà láàyè. Amí Páṣíà yọjú wò wọ́n. Kí ló rí? Wọ́n ń ya irun wọn! Ó yà á lẹ́nu. Kò mọ̀ pé bí Sparta ṣe ń múra ikú nìyẹn.

Ẹnì kan ní ọfà Páṣíà pọ̀ tó láti bo oòrùn. Dienekes, ọ̀kan nínú ọmọ ogun Sparta, dáhùn: "Ó dáa bẹ́ẹ̀. Abẹ́ òjìji la ó ti jà."

Aristodemus, ọ̀kan nínú àwọn 300 náà, ńkọ́? Ojú ń dùn ún, ó padà sílé láìjà. Kò sẹ́ni tó bá a sọ̀rọ̀ mọ́. Kò sẹ́ni tó fún un níná dáná. Lọ́dún kejì, lójú ogun Plataea, ó jà bí ẹkùn títí ó fi kú. Wọn ò sì dá a lọ́lá. Wọ́n ní ikú ló ń wá.

Ní Plataea yìí kan náà, Herodotus òpìtàn ka ọmọ Sparta 5,000. Àwọn wo ló tẹ̀ lé wọn? Helot 35,000! Méje sí ẹnì kan!

Àwọn wo ni Helot? Àwọn tí Sparta ṣẹ́gun, tó sọ di ẹrú lórí ilẹ̀ bàbá wọn. Àwọn ló ń dáko. Ọdọọdún ni àwọn ephor ń kéde ogun sí wọn, kí ẹni tó bá pa wọ́n má baà jẹ̀bi.

Nígbà kan, Sparta ní kí wọ́n mú àwọn Helot tó jà dáadáa jù lọ jáde, àwọn yóò dá wọn sílẹ̀. Bí 2,000 ló jáde. Wọ́n dé wọn ládé òdòdó, wọ́n yí ilé òrìṣà ká. Láìpẹ́, gbogbo wọn pòórá. Thucydides òpìtàn ní kò sẹ́ni tó mọ bí ọ̀kọ̀ọ̀kan ṣe kú.

Ní 371, Epaminondas ará Thebes pàdé wọn ní Leuctra. 700 ọmọ Sparta ló wà lójú ogun. 400 ò padà wálé. Lẹ́yìn ọdún méjì, àwọn Helot ilẹ̀ Messenia ti di òmìnira, wọ́n ń kọ́ ìlú tiwọn. Wọ́n sì mọ odi yí i ká!

Wo ìṣirò yìí: ní 480, ọmọ Sparta tó lè jagun tó 8,000. Nígbà ayé Aristotle, wọn ò pé 1,000 mọ́. Ẹni tí kò bá rí ọkà tirẹ̀ gbé wá sí ẹgbẹ́ àjùmọ̀jẹun, wọ́n yọ ọ́ kúrò lára ọmọ ìlú.

Nítorí náà, ọ̀rẹ́ mi, bí o bá tún gbọ́ ìtàn àwọn 300, bá mi bi ẹni tó ń sọ ọ́ léèrè: ta ló gbin ọkà tí wọ́n jẹ?