Mílíọ̀nù 10 tó di 48: iye tí ẹ̀yáwó ilé ń ná ni gan-an

Ká ní obìnrin kan yá mílíọ̀nù 10 náírà ní báǹkì láti fi ra ilé. Èlé rẹ̀ jẹ́ ìdá 24 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, wọ́n sì fún un ní ogún ọdún láti fi san án tán. ₦201,741 ló ń san lóṣooṣù, kò sì pa oṣù kankan jẹ. Nígbà tó pé ọdún mẹ́wàá géérégé, ó ṣírò gbogbo ohun tó ti kó fún báǹkì, ó rí i pé ó lé ní mílíọ̀nù 24. Ó wá lọ béèrè iye tó kù. Wọ́n ní ó ku mílíọ̀nù 9 àti ẹgbẹ̀rún 150.

Ẹni tó bá gbọ́ èyí lójijì yóò rò pé wọ́n rẹ́ obìnrin náà jẹ ni. Wọn ò rẹ́ ẹ jẹ. Ìṣirò tí àwọn báǹkì káàkiri ayé fi ń yáni lówó ilé ló bí i, òun fúnra rẹ̀ ló sì fọwọ́ sí i. Àmọ́ kò sí ẹni tó jókòó tì í láti là á yé e kó tó mú bírò.

Ẹ jẹ́ ká là á níbí. Lọ́jọ́ tó gba owó, mílíọ̀nù 10 ni ojú owó tó jẹ. Ìdá 24 lọ́dún, ìdá méjì ló ń jẹ́ lóṣù, ìdá méjì nínú mílíọ̀nù 10 sì jẹ́ ₦200,000. Nínú ₦201,741 tó san lóṣù àkọ́kọ́, èlé ti gbé ₦200,000 lọ. ₦1,741 péré ló kan ojú owó. Lóṣù kejì, báǹkì á ṣírò èlé lórí ohun tó kù, ìyẹn ₦9,998,259, èlé á sì tún gbé èyí tó pọ̀ jù lọ. Bí oṣù ṣe ń gorí oṣù, ìpín ojú owó ń sanra, ìpín èlé ń rù, ṣùgbọ́n díẹ̀díẹ̀ bí ẹní ń já ewé ni. Ní ìparí ọdún kìíní, ó ti san ₦2,420,892. Gbèsè rẹ̀ kò sì dín tó ₦23,400. Ó di inú ọdún kejìdínlógún kí gbèsè náà tó wálẹ̀ sí ìdajì, ọdún díẹ̀ tó kù ló sì fi ń san ìdajì yòókù. Tó bá fi san án tán, gbogbo owó tó jáde lápò rẹ̀ á lé ní mílíọ̀nù 48.

Àwọn baba ńlá wa mọ irú gbèsè tó jọ èyí. Láyé ìwọ̀fà, ẹni tó yá owó lè lọ sìn fúnra rẹ̀, ó sì lè fi ọmọ rẹ̀ sọfà sọ́dọ̀ olówó. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe lóko olówó, èlé ni. Kò kan ojú owó rárá. Ó lè ro oko olówó fún ọdún mẹ́wàá, iye tí wọ́n yá á wà bó ṣe wà títí di ọjọ́ tí wọ́n bá kó o wá lódindi. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti àwọn tó fi oko kòkó dúró fún gbèsè: olówó á máa kó kòkó lọ lọ́dọọdún, gbèsè á sì wà níbẹ̀. Ẹ̀yáwó ilé òde òní sàn ju ìyẹn lọ, torí pé díẹ̀ ń kúrò nínú ojú owó lóṣooṣù, ó sì ní ọjọ́ tí yóò parí. Ṣùgbọ́n ibi tí èlé bá ti ga tó bẹ́ẹ̀, ọdún mẹ́wàá àkọ́kọ́ kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí oko ìwọ̀fà.

Ìbéèrè tó ń kó ni sí wàhálà

Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń kọ́kọ́ béèrè ní báǹkì ni pé, "Eélòó ni màá máa san lóṣù?" Ó yéni, torí owó oṣù ni wọ́n fi ń jẹun, òun náà ni wọ́n fi ń san owó ilé ìwé. Tí iye náà bá pọ̀ jù, òṣìṣẹ́ báǹkì á ní, "Ẹ jẹ́ ká fi ọdún kún un." Ọkàn oníbàárà á sì balẹ̀.

Ẹ wo ohun tí ọdún tí wọ́n fi kún un ń ṣe. Mílíọ̀nù 10 kan náà, ní èlé 24 kan náà, tí obìnrin yẹn bá ní ọdún mẹ́wàá ni òun fẹ́, ₦220,481 ni yóò máa san lóṣù. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín ọdún mẹ́wàá àti ogún ọdún jẹ́ ₦18,740 lóṣù, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n àpapọ̀ owó tó máa san fún ọdún mẹ́wàá jẹ́ nǹkan bíi mílíọ̀nù 26 àti ààbọ̀, nígbà tí ti ogún ọdún lé ní mílíọ̀nù 48. Nítorí ìrọ̀rùn tí kò tó ẹgbẹ̀rún 19 lóṣù, nǹkan bíi mílíọ̀nù 22 ló lọ.

Ìdí rẹ̀ kò le. Èlé oṣù àkọ́kọ́ nìkan ti jẹ́ ₦200,000. Báǹkì ìbá fún un ní ọgọ́rùn-ún ọdún, kò lè san iye tó kéré sí ìyẹn kí gbèsè náà sì dín kù. Níbi tí èlé bá ti ga, ọdún gígùn kì í mú ẹrù fúyẹ́. Ó kàn ń mú ọ̀nà jìn ni.

Apá kejì ọ̀rọ̀ náà múnú mi dùn jù. Tí obìnrin yìí bá gba ogún ọdún, ṣùgbọ́n tó ń fi ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá péré lé owó rẹ̀ lóṣooṣù láti oṣù àkọ́kọ́, kò ní san ju ọdún méjìlá àti oṣù díẹ̀ lọ tí gbèsè á fi tán. Àpapọ̀ owó rẹ̀ á wálẹ̀ láti mílíọ̀nù 48 sí nǹkan bíi mílíọ̀nù 31. Gbogbo ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá tó fi kún un kò tó mílíọ̀nù kan àti ààbọ̀. Ohun tó fà á ni pé èlé kò ní ìpín kankan nínú ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá yẹn. Ojú owó ni gbogbo rẹ̀ lọ, náírà tó bá sì ti kúrò nínú ojú owó lónìí kò ní bímọ mọ́ fún ọdún tó kù.

Àmọ́ ẹni tó bá fẹ́ ṣe é gbọ́dọ̀ ṣọ́ nǹkan méjì. Àwọn ìwé àdéhùn kan ń bu owó ìtanràn lé ẹni tó bá fẹ́ san gbèsè kíákíá. Èkejì, báǹkì lè ka owó tí ẹ fi kún un sí àsansílẹ̀ oṣù tó ń bọ̀ dípò kí wọ́n yọ ọ́ kúrò nínú ojú owó. Tí wọ́n bá kà á bẹ́ẹ̀, àǹfààní rẹ̀ ti bọ́ sọnù. Ẹ kọ̀wé tì í, kí ẹ sì gba èsì tí wọ́n fọwọ́ sí.

Ìdá 24 tí mo ń lò yìí, nítorí kí ìṣirò lè rọrùn ni. Ní oṣù Kọkànlá 2024, Báǹkì Àpapọ̀ ilẹ̀ Nàìjíríà gbé òṣùwọ̀n èlé rẹ̀ sí 27.5, ibẹ̀ ló sì wà títí di oṣù Kẹsàn-án 2025 tí wọ́n fi dín in sí 27. Orí òṣùwọ̀n yìí ni àwọn báǹkì yòókù ń gbé tiwọn kà. Báǹkì púpọ̀ ló sì ń kọ ọ́ sínú àdéhùn pé àwọn lè yí èlé padà bí ọjà bá ṣe rí. Gbólóhùn kan ṣoṣo yẹn lè ba gbogbo ìṣirò tí a ṣe lókè yìí jẹ́.

Ìdá mẹ́fà ìjọba

Ọ̀nà kan wà tí èlé rẹ̀ yàtọ̀ gédégédé. Òfin National Housing Fund ti 1992 ní kí òṣìṣẹ́ máa dá ìdá 2.5 nínú owó tó ń wọlé fún un lóṣù sí àpò kan tí Federal Mortgage Bank of Nigeria ń tọ́jú. Báǹkì yìí ni ìjọba dá sílẹ̀ ní 1977 láti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ Nigerian Building Society tó ti wà láti 1956. Ẹni tó bá ti dá owó fún oṣù mẹ́fà ó kéré tán lè béèrè ẹ̀yáwó ilé nípasẹ̀ báǹkì ẹ̀yáwó ilé kéékèèké, ní èlé ìdá mẹ́fà, ó sì lè fi tó ọgbọ̀n ọdún san án, bí ọjọ́ orí rẹ̀ àti ọdún tó kù fún un lẹ́nu iṣẹ́ bá gbà á.

Mílíọ̀nù 10 ní ìdá mẹ́fà fún ọgbọ̀n ọdún jẹ́ nǹkan bíi ₦59,955 lóṣù. Lóṣù àkọ́kọ́, ₦50,000 lọ sí èlé, ₦9,955 kan ojú owó. Àpapọ̀ rẹ̀ kò dé mílíọ̀nù 22. Tí ẹ bá gé ọdún rẹ̀ sí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ₦84,386 ni lóṣù, àpapọ̀ á sì jẹ́ nǹkan bíi mílíọ̀nù 15. Níbí, ọdún gígùn ń ṣiṣẹ́ tó yẹ kó ṣe: ó mú kí owó oṣù fúyẹ́ ní tòótọ́.

Nǹkan mìíràn tún wà tí mílíọ̀nù orí ìwé kò fi hàn. Náírà ọdún yìí kọ́ ni náírà ogún ọdún sí i. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹfà 2023, dọ́là kan kò tó ₦500 lọ́dọ̀ ìjọba. Kí 2024 tó parí, ó ti kọjá ₦1,500, ọ̀wọ́ngógó ọjà sì ti ju ìdá 30 lọ lọ́dún náà. Ẹni tó ń san èlé ìdá mẹ́fà tí kò yí padà lásìkò bẹ́ẹ̀, owó tó ń dá padà kò ní agbára ọjà tí owó tó yá ní. Ẹ̀bùn gidi ni ìjọba fún un. Kódà ẹni tó ń san ìdá 24, tí owó oṣù rẹ̀ bá ń gòkè bí ọjà ṣe ń gòkè, ẹrù rẹ̀ á máa fúyẹ́ bí ọdún ti ń lọ. Ṣùgbọ́n owó oṣù mélòó ló ń gòkè bẹ́ẹ̀ ní Nàìjíríà? Ibẹ̀ ni mo ti yà kúrò lọ́dọ̀ àwọn tó ń sọ pé ọ̀wọ́ngógó á jẹ gbèsè náà fún yín.

Ó dùn mí pé òṣìṣẹ́ púpọ̀ ló ń dá 2.5 yìí títí wọ́n fi fẹ̀yìn tì tí wọn ò yá kọ́bọ̀ rí níbẹ̀. Ẹni tí kò bá yá a, wọn á dá owó rẹ̀ padà fún un pẹ̀lú èlé ìdá méjì péré. Ohun tí ètò náà lè yáni kì í sì í sábà tó ra ilé láàárín ìgboro Èkó.

Àwọn ìnáwó kan tún wà tí kì í sí nínú èlé. Owó ìṣáájú tí ẹ máa mú sílẹ̀, owó lọ́yà, owó ẹni tó máa díye lé ilé, owó adójútòfò, owó òǹtẹ̀ àti ìforúkọsílẹ̀. Òfin ilẹ̀ ti 1978 sì ní ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fi ilé tàbí ilẹ̀ dúró fún owó láìgba àṣẹ gómìnà, ìyẹn náà ní owó tirẹ̀. Lẹ́yìn náà ni òrùlé, kànga ẹ̀rọ, àti owó ọlọ́dẹ.

Àwọn ènìyàn wa tó wà lókè òkun mọ ìyà mìíràn. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọdún méjì tàbí márùn-ún péré ni wọ́n sábà ń de èlé mọ́lẹ̀, lẹ́yìn náà èlé tuntun dé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kejìlá 2021, òṣùwọ̀n Bank of England jẹ́ 0.1. Nígbà tó di oṣù Kẹjọ 2023, ó ti di 5.25. Gbèsè £200,000 fún ọdún 25, ní èlé ìdá méjì, £848 ni lóṣù. Ní ìdá 5.5, ó di £1,228. Ẹni tó bá sá sínú ọdún 35 láti rí ìtura á san £1,074, ṣùgbọ́n yóò fi ohun tó lé ní £82,000 kún àpapọ̀ rẹ̀. Yorùbá tó ń ṣiṣẹ́ òru ní Peckham tàbí Thamesmead ní London kí ilé má bàa bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, ìyàtọ̀ £380 yìí ló ń fi oorun rẹ̀ san.

Ní Amẹ́ríkà, òfin kan ti wà láti 1968 tó ní kí ayánilówó kọ èlé àti ohun tí gbèsè máa ná ni sílẹ̀ ní kedere. Lónìí, nínú ìwé tí wọ́n ń fún oníbàárà kó tó gba ilé, àpapọ̀ gbogbo owó tó máa san láti oṣù kìíní dé ìkẹyìn wà níbẹ̀ ní nọ́ńbà kan ṣoṣo. Ó yẹ kí irú nọ́ńbà yẹn wà lójú ewé àkọ́kọ́ gbogbo ìwé ẹ̀yáwó ilé ní Nàìjíríà, pẹ̀lú lẹ́tà ńlá.

Kó tó rí bẹ́ẹ̀, ẹ̀yin fúnra yín ni kí ẹ béèrè rẹ̀. Kí ẹ tó fọwọ́ sí ohunkóhun, ẹ ní kí òṣìṣẹ́ báǹkì tẹ gbogbo oṣù náà jáde fún yín lórí ìwé, kó fi ìpín èlé àti ìpín ojú owó hàn lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, kó sì kọ àpapọ̀ rẹ̀ sísàlẹ̀. Ẹ ní kó tún tẹ ti ọdún tó kéré sí i, kí ẹ gbé méjèèjì síra. Tó bá ní kò ṣeé ṣe, ẹ dá bírò padà fún un, kí ẹ sì dìde.