Ẹ̀dá Tí Kò Ní Ilẹ̀ Tí Yóò Bà

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ wa, ẹ ti rí lékeléke lórí pápá ọgbà yìí. Ìgbà òjò ni wọ́n máa ń pọ̀ ní Òkè Ọya níbí. Nílé lọ́dọ̀ wa, ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni àwọn ọmọdé máa ń tẹ́ ọwọ́ sí wọn pé kí wọ́n fún àwọn ní èékánná funfun. Ẹyẹ kan náà ni, òjò ni ó ń tẹ̀lé lọ, tẹ̀lé bọ̀. Ṣùgbọ́n bí ó ti wù kí ó rìn jìnnà tó, yóò rí ilẹ̀ bà. Èyí tí a fẹ́ ṣàlàyé lónìí ni ẹ̀dá tí kò rí ilẹ̀ bà láéláé, nítorí pé ibi tí wọ́n fi í sí kò ní ilẹ̀ rárá.

Ẹ má ṣe wá a kiri. Kò sí ẹni tí ó rí i rí. Inú ìwé ni wọ́n bí i sí. Ní ọdún 1976, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì méjì ní Yunifásítì Cornell ní Amẹ́ríkà, Carl Sagan àti Edwin Salpeter, jókòó ti ìṣirò: bí ohun ẹlẹ́mìí bá wà nínú òfuurufú Júpítà, báwo ni yóò ṣe máa gbé?

Júpítà kì í ṣe Àgùàlà tí ẹ mọ̀ o, bí òun náà tilẹ̀ máa ń mọ́lẹ̀ rokoṣo lóru. Òun ni pílánẹ́ẹ̀tì tí ó tóbi jù lọ nínú àwọn tí ń yí oòrùn wa po. Irú ayé wa yìí tó 1,300 kí ó tó kún inú rẹ̀, síbẹ̀ ọjọ́ kan níbẹ̀ kò pé wákàtí 10. Kò sí iyẹ̀pẹ̀, kò sí àpáta tí ènìyàn lè fi ẹsẹ̀ tẹ̀. Gáàsì háídírójìn àti hílíọ̀mù ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Lókè, òtútù ibẹ̀ kọjá ti yìnyín. Bí a bá ṣe ń lọ sísàlẹ̀ ni ooru ń pọ̀ sí i. Ẹ̀dá tí yóò gbé ibẹ̀ ní láti wà ní àárín, níbi tí kò ti ní dì, tí kò sì ní jóná. Gbogbo wàhálà rẹ̀ nìyẹn.

Ẹ wá wo ọgbọ́n tí wọ́n ta sí i. Wọ́n ro ẹ̀dá kan tí ó dà bí bàlúùnù. Kí ẹnikẹ́ni má rò pé ó rọrùn. Bàlúùnù ọjọ́ ìbí ń gòkè níhìn-ín nítorí pé hílíọ̀mù inú rẹ̀ fúyẹ́ ju afẹ́fẹ́ wa lọ. Ní Júpítà, háídírójìn, gáàsì tí ó fúyẹ́ jù lọ, ni ó pọ̀ jù nínú afẹ́fẹ́ ibẹ̀. Kí ni a óò wá rọ sínú bàlúùnù tí yóò fi léfòó? Ọ̀nà méjì ni wọ́n rí: kí ẹ̀dá náà máa tú hílíọ̀mù dànù, kí ó ku háídírójìn nìkan nínú rẹ̀, tàbí kí ó fi agbára oúnjẹ tí ó jẹ mú inú ara rẹ̀ gbóná. Ó sì gbọ́dọ̀ tóbi. Bí ó bá gùn ní ìlọ́po méjì, tí ó sì fẹ̀ bẹ́ẹ̀, awọ rẹ̀ yóò di ìlọ́po mẹ́rin, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ yóò gba ìlọ́po mẹ́jọ. Wọ́n gbà pé ó lè fẹ̀ tó kìlómítà mélòó kan. Ẹ fojú inú wo ohun tí ó fẹ̀ láti ẹnu géètì wa dé ọjà, tí ń rá pálá nínú ìkùukùu.

Kékeré ni ẹ̀dá kejì, òun ni ó sì wọ̀ wá lọ́kàn jù. Kò mọ bí a ti ń léfòó. Láti ọjọ́ tí a ti bí i ni ó ti ń jábọ̀ díẹ̀díẹ̀ lọ sínú ooru. Ohun tí ó lè ṣe kò ju kí ó bímọ kí ó tó jóná, kí afẹ́fẹ́ tí ń fẹ́ gòkè sì gbé díẹ̀ nínú àwọn ọmọ náà padà sí ibi tútù. Àwọn náà yóò tún bẹ̀rẹ̀ sí í jábọ̀. Ìrìn-àjò tiwọn nìyẹn: òbí ni ó ń lọ, ọmọ ni ó ń bọ̀. Ẹ̀dá kẹta jẹ́ ọdẹ, tí ń pa àwọn bàlúùnù jẹ. Ibi tí ẹran bá wà, ọdẹ kì í jìnnà.

Àwọn kan nínú wa yóò ní àlọ́ lásán ni, bíi ti Ìjàpá tí ó yá ìyẹ́ lọ́wọ́ àwọn ẹyẹ. A kò bá wọn jiyàn pé àlọ́ ni. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ń béèrè iye ìyẹ́ tí ó lè gbé Ìjàpá tòun ti igbá ẹ̀yìn rẹ̀. Níhìn-ín, irú ìbéèrè yẹn gan-an ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Ohun tí ìṣirò bá kọ̀, wọn kò fi sí i. Ìwúlò rẹ̀ náà kò kéré, nítorí ọ̀pọ̀ wa ló ti gbà láìronú pé kò lè sí ẹ̀mí níbi tí kò sí ilẹ̀.

Ayé tiwa pàápàá ní ẹyẹ kan tí ó sún mọ́ ọn. Ó jọ alápàáǹdẹ̀dẹ̀, swift ni Òyìnbó ń pè é, Áfíríkà ni ó sì ń sá wá nígbà òtútù Yúróòpù. Ní 2016, àwọn onímọ̀ ní Yunifásítì Lund, ní Sweden, tí wọ́n ti so ẹ̀rọ kékeré mọ́ díẹ̀ nínú wọn, tẹ̀ ẹ́ jáde pé àwọn kan kò balẹ̀ rárá fún oṣù 10. Ẹyin àti ọmọ ni ó ń mú un bà.

Ènìyàn náà ti rán nǹkan lọ sí Júpítà. Ní ọjọ́ 7, oṣù Disẹ́ḿbà, 1995, ẹ̀rọ kan tí ọkọ̀ òfuurufú Galileo ti Amẹ́ríkà gbé lọ já wọ inú ìkùukùu ibẹ̀. Páráṣúùtì ni ó fi ń sọ̀kalẹ̀, ó ń ròyìn ooru, ìjì àti gáàsì tí ó bá pàdé. Wọn kò fi kámẹ́rà sí i, nítorí náà kò lè sọ bóyá ó kọjá lára ẹnikẹ́ni. Nǹkan bí wákàtí kan ni a fi gbúròó rẹ̀. Lẹ́yìn náà, ooru ìsàlẹ̀ ṣe é bí wọ́n ti ní yóò ṣe ẹ̀dá kejì yẹn, àfi pé òun kò bímọ sílẹ̀.