Igi Gúrọ́fà: Àlejò Ni Tàbí Onílé?

Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ̀rọ̀ àgbàlá kan fún yín, ní ẹ̀yìn Ẹnuwá ní Ilé-Ifẹ̀, tí kò jìnnà sí ààfin Ọọ̀ni. Ní ìgbà èwe mi, igi gúrọ́fà mẹ́ta ni ó wà níbẹ̀. Nígbà tí èso wọn bá pọ́n ní ìgbà òjò, kò sí ọmọ àdúgbò tí kì í mọ ọ̀nà ibẹ̀. Ẹni tí kò bá rí èso ká a gé ẹ̀ka rẹ̀ tí ó là sí méjì, a sì fi ṣe rọ́bà tí a fi ń ta ẹyẹ, nítorí igi náà le, kì í tètè dá. Nísinsìnyí ṣọ́ọ̀bù ni ó wà ní ojú ibẹ̀, símẹ́ǹtì sì bo ilẹ̀ tí ó kù. Mo bi baálé ilé náà pé, “Bàbá, kí ni ó dé tí ẹ fi gé wọn?” Ó dáhùn pé, “Ṣé igi wa ni? Kì í ṣe ìrókò, kì í ṣe akòko. Ta ni kí n tọrọ ààyè lọ́wọ́ rẹ̀ kí n tó gé e?”

Ní apá kan, òtítọ́ ni bàbá náà sọ. Orúkọ igi náà pàápàá ni ó tú u fó. Gúrọ́fà, tí àwọn mìíràn ń pè ní gúáfà, jẹ́ ọ̀rọ̀ tí ó ti ẹnu àwọn onílẹ̀ erékùṣù Karibíánì bọ́ sí ẹnu àwọn ará Sípéènì, kí ó tó di ti Gẹ̀ẹ́sì, kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ilẹ̀ olóoru ti Amẹ́ríkà ni orírun rẹ̀, ọkọ̀ ojú omi àwọn Òyìnbó ni ó sì gbé e ká ayé lẹ́yìn ìrìn àjò Columbus ní ọdún 1492. Ṣùgbọ́n bí a bá fẹ́ lé àlejò, níbo ni a ó dúró? Òkè òkun kan náà ni àgbàdo ti wá, àti ẹ̀gẹ́, àti kòkó tí ó kọ́ ilé fún ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Ifẹ̀. Èmi sì mọ̀ dájú pé baálé ilé yìí kì í fi ẹ̀bà ṣeré.

Ẹbí igi náà kò sì ṣàjèjì sí wa. Ìbátan rẹ̀ ni kànáfùrù. Ẹni tí ó bá ka ìwé Nehemiah, orí 8, yóò rántí igi mirtili tí àwọn ọmọ Ísírẹ́lì já ẹ̀ka rẹ̀ láti fi kọ́ àgọ́. Orúkọ rẹ̀ ni a fi ń pe gbogbo ẹbí náà. Ọ̀kan nínú wọn tilẹ̀ jẹ́ ọmọ bíbí ilẹ̀ Áfíríkà, tí ó máa ń hù ní etí odò, tí òdòdó rẹ̀ funfun, tí èso rẹ̀ sì ń dúdú bí ó bá pọ́n. Syzygium guineense ni àwọn onímọ̀ ewéko ń pè é.

Èso gúrọ́fà kì í ṣe ìpanu lásán. Nínú gíráàmù 100 rẹ̀, fítámìnì C tó bí mílígíráàmù 228, nígbà tí ti ọsàn jẹ́ bí 53. Síbẹ̀, a ń gé igi, a sì ń lọ fi owó ra fítámìnì oníhóró.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ewé rẹ̀ ni ó jẹ mí lógún jùlọ. Bí ìgbẹ́ gbuuru bá ń ṣe ọmọdé, ewé gúrọ́fà ni àwọn ìyá àgbà máa ń já, tí wọn ó sè, tí wọn ó sì fi omi rẹ̀ fún ọmọ. Àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ti yẹ ewé náà wò, wọ́n sì rí i pé ó lè mú kí ìfun rọra ṣiṣẹ́, àti pé ó lè pa àwọn kòkòrò àìfojúrí kan. Èmi kò ní bá ìyá àgbà jà. Ohun tí mo fẹ́ kí gbogbo ìyá ọmọ mọ̀ ni pé omi ara tí ó ń bá ìgbẹ́ náà lọ ni ó ń pa ọmọ, ewé kò sì lè dá omi náà padà. Ẹ mú omi mímọ́ lítà 1, ẹ fi ṣúgà ṣíbí kékeré 6 sí i, kí orí ṣíbí tẹ́ pẹrẹsẹ, àti iyọ̀ ìlàjì ṣíbí kan náà. Ẹ pò ó, kí ọmọ máa mu ún díẹ̀díẹ̀. Ẹ má ṣe dá ọmú dúró. Bí ojú ọmọ bá jìn wọ inú, tàbí bí ẹ̀jẹ̀ bá wà nínú ìgbẹ́ rẹ̀, ilé ìwòsàn ni kí ẹ gbé e lọ ní kíá.

Ní oṣù tí ó kọjá, mo tún gba àgbàlá náà kọjá. Gbòǹgbò gúrọ́fà kì í tètè kú. Èéhù kan ti yọ ní ẹ̀gbẹ́ ògiri ṣọ́ọ̀bù, níbi tí símẹ́ǹtì ti là, ó sì ti ga dé orúnkún. Mo bẹ baálé ilé pé kí ó jẹ́ kí n hú u lọ gbìn sí ẹ̀yìn ilé mi. Ó wò mí, ó wo èéhù náà, ó ní, “Akọ̀wé, igi mi ni. Bí o bá fẹ́ ẹ, mú owó wá.”