Èdè Lárúbáwá ní ilẹ̀ Spéìn

Lóde òní, èdè Lárúbáwá kì í ṣe èdè àbínibí àwọn ará Granada mọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá tẹ́tí sí èdè Spéìn dáadáa yóò rí i pé kò kúrò níbẹ̀ tán.

Ní ọdún 711 ni ọmọ-ogun Tariq ibn Ziyad la òkun kọjá láti Áfíríkà wọ Spéìn. Láti ìgbà náà títí di 1492, tí Granada bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọba Kristẹni, kò sí ìgbà kan tí ìjọba Mùsùlùmí kò sí ní ilẹ̀ náà. Ìgbà yẹn ni èdè Spéìn yá ọ̀rọ̀ iṣẹ́ oko, ti ọjà àti ti ìṣàkóso ìlú. «As-sukkar» di «azúcar», èyí ni ṣúgà. «Al-qutn» di «algodón», èyí ni òwú. «Al-qadi», adájọ́, di «alcalde», olórí ìlú. Ẹ kíyè sí «al», ọ̀rọ̀ kékeré tí ó máa ń ṣáájú ọ̀rọ̀-orúkọ nínú èdè Lárúbáwá: ó ti lẹ̀ mọ́ ọ̀rọ̀ tí a yá. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ó rí nínú «àlàáfíà» àti «àlùbọ́sà» tiwa.

Ìwé àdéhùn Granada ṣèlérí pé àwọn Mùsùlùmí yóò máa ṣe ẹ̀sìn wọn. Kò pé ọdún mẹ́wàá tí ìlérí náà fi yẹ̀. Àwọn tí wọ́n fi ipá sọ di Kristẹni ni à ń pè ní Morisco. Ní 1567, wọ́n kéde àṣẹ Ọba Felipe Kejì pé, lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ sọ èdè Lárúbáwá tàbí kọ ọ́ mọ́. Àgbàlagbà Morisco kan, Francisco Núñez Muley, kọ̀wé sí àwọn aláṣẹ pé èdè kì í ṣe ẹ̀sìn, nítorí àwọn Kristẹni ilẹ̀ Ìlà-Oòrùn ń sọ èdè Lárúbáwá. Wọn kò gbọ́ tirẹ̀. Ogun bẹ́ sílẹ̀ ní 1568. Láti 1609 sí 1614, wọ́n lé nǹkan bí 300.000 Morisco kúrò nílùú.

Ní Aragón, ọ̀pọ̀ Morisco ti gbàgbé èdè Lárúbáwá tipẹ́, ṣùgbọ́n wọn kò gbàgbé lẹ́tà rẹ̀. Èdè Spéìn ni wọ́n ń sọ. Lẹ́tà Lárúbáwá ni wọ́n fi ń kọ ọ́. Ìkọ̀wé yìí ni à ń pè ní «aljamiado». Ní 1884, nígbà tí wọ́n ń wó ilé àtijọ́ kan ní Almonacid de la Sierra, wọ́n bá ọ̀pọ̀ ìwé bẹ́ẹ̀ lábẹ́ ilẹ̀ onípákó tí wọ́n fi pa wọ́n mọ́. Julián Ribera àti Miguel Asín Palacios tẹ àkójọ àlàyé wọn jáde ní 1912. Nítorí pé àwọn akọ̀wé náà fi àmì fáwẹ́lì sí ọ̀rọ̀, àwọn onímọ̀ ń ti ara wọn mọ bí a ṣe ń pe èdè Spéìn nígbà náà.

Gbòǹgbò «aljamiado» kan náà ni ti «ajami», orúkọ tí a fún èdè mìíràn tí a bá fi lẹ́tà Lárúbáwá kọ. Àwọn ààfáà Yorùbá náà kọ irú rẹ̀ ní èdè wa. Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́ mọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà, bí ẹ bá bá irú ìwé bẹ́ẹ̀ nínú àpótí àwọn àgbà, ẹ má ṣe rò pé ẹ̀sìn nìkan ni ó wà nínú rẹ̀. Ẹ bẹ onílé kí ó kà á sí yín létí: ó lè jẹ́ ohùn àwọn baba wa ni ó wà níbẹ̀.