Pierre Bost, Akọ̀wé tí Orúkọ Rẹ̀ Fara Sin

Bí a bá wo sinimá tán, àwọn tí ojú wọn hàn nínú àwòrán ni gbogbo wa ń yìn. Ṣùgbọ́n àwa tí a ń fi gègé jẹun mọ̀ pé ẹnìkan ti jókòó kọ ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ kí wọ́n tó sọ ọ́. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni Pierre Bost ti ilẹ̀ Faransé.

A bí i ní ọdún 1901, ní Lasalle, ní ìhà gúúsù ilẹ̀ náà. Charles Bost, bàbá rẹ̀, jẹ́ àlùfáà Ìjọ Pùròtẹ́sítáǹtì, ó sì kọ ìtàn àwọn oníwàásù tí a ṣe inúnibíni sí ní àwọn òkè Cévennes. Ọmọ náà kò di àlùfáà, ṣùgbọ́n ó jogún gègé bàbá rẹ̀. Ní ọdún 1931, ìwé ìtàn rẹ̀, Le Scandale, gba ẹ̀bùn Interallié.

Lẹ́yìn èyí ni òun àti Jean Aurenche di alájọṣe. Iṣẹ́ wọn ni láti mú ìwé tí ẹlòmíràn kọ, kí wọ́n sì sọ ọ́ di ohun tí a lè fi ojú rí. La Symphonie pastorale, ìtàn àlùfáà kan tí ó gba ọmọbìnrin afọ́jú sí ilé tí ọkàn rẹ̀ sì fà sí i, wà lára àwọn tí ó gba ẹ̀bùn gíga ní Cannes ní ọdún 1946. Jeux interdits, ìtàn ọmọdé méjì tí ń jí àgbélébùú láti fi sin ẹranko ní àkókò ogun, gba ẹ̀bùn gíga ní Venice ní ọdún 1952.

Ní oṣù January, ọdún 1954, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí kò ì pé ẹni ọdún 22, François Truffaut, bu àtẹ́ lu àwọn méjèèjì nínú ìwé Cahiers du cinéma. Ó ní wọ́n ń yí ìwé oníwèé padà bí ó ti wù wọ́n, àti pé olùdarí ni ó yẹ kí ó ni sinimá, kì í ṣe akọ̀wé. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà á gbọ́, orúkọ wọn sì di ẹ̀gàn fún ọdún púpọ̀.

Ṣùgbọ́n bí a kò bá kú, ìṣe kò tán. Nígbà tí Bertrand Tavernier fẹ́ ṣe sinimá gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́, àwọn arúgbó méjì yìí ni ó tọ̀ lọ. L'Horloger de Saint-Paul jáde ní ọdún 1974, ó sì gba ẹ̀bùn ní Berlin. Bost kú ní oṣù December, ọdún 1975.

Ohun tí ó yà wá lẹ́nu jùlọ nìyí. Ní ọdún 1945, ọdún mẹ́sàn-án kí Truffaut tó sọ̀rọ̀, Bost ti kọ ìwé kan nípa arúgbó ayàwòrán kan, Ọ̀gbẹ́ni Ladmiral, tí ó tẹ̀lé ìlànà àwọn olùkọ́ rẹ̀ títí ọjọ́ alẹ́, tí ó sì ń bi ara rẹ̀ léèrè bóyá ìgboyà ni òun kò ní. Tavernier sọ ìwé náà di sinimá, Un dimanche à la campagne, ó sì gba ẹ̀bùn olùdarí ní Cannes ní ọdún 1984. Ẹni tí ó kọ ìwé kò sí láyé láti rí i.

Ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, kí ẹ tó bu àtẹ́ lu iṣẹ́ àgbà, ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá àgbà náà kò ti bi ara rẹ̀ ní ìbéèrè yín ṣáájú yín.