Tẹ́ńdà tuntun, agbaṣẹ́ṣe àtijọ́: ìgbà wo ló yẹ kí ilé ẹjọ́ mójú kúrò?

Bí ìjọba bá pe tẹ́ńdà tuntun lórí iṣẹ́ tí agbaṣẹ́ṣe kan ṣì ń ṣe lọ́wọ́, ẹjọ́ kì í pẹ́ dé. Ẹni tó wà lórí iṣẹ́ á ní àdéhùn òun ò tíì parí. Ẹni tó ń wá ọ̀nà wọlé á ní ẹ̀bùrú ni wọ́n gbà gbé iṣẹ́ náà fún ẹni àkọ́kọ́. Ọ̀pọ̀ ló gbà pé bí adájọ́ bá ti sọ ẹni tó jàre, ọ̀rọ̀ bùṣe. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní South Africa láàárín ọdún 2012 sí 2018 kò fara mọ́ èrò yìí. Títí agbaṣẹ́ṣe tuntun yóò fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ gan-an ló yẹ kí ojú ilé ẹjọ́ wà lára irú tẹ́ńdà bẹ́ẹ̀.

SASSA ni àjọ tó ń san owó ìrànwọ́ ìjọba fún àwọn arúgbó, àwọn aláàbọ̀ ara àtàwọn tó ń tọ́ ọmọ nínú òṣì níbẹ̀. Ní oṣù kìíní ọdún 2012, ó gbé iṣẹ́ sísan owó náà jákèjádò orílẹ̀-èdè fún ilé iṣẹ́ Cash Paymaster Services (CPS) fún ọdún márùn-ún, iṣẹ́ tí owó rẹ̀ tó bílíọ̀nù 10 rand. AllPay, ilé iṣẹ́ mìíràn tó du iṣẹ́ náà àmọ́ tó bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, gba ilé ẹjọ́ lọ. Ìwé tẹ́ńdà ti kọ́kọ́ sọ pé ó wu àjọ náà kí wọ́n máa fi ìka tàbí ohùn dá ẹni tó ni owó mọ̀ nígbàkígbà tó bá ń gbà á. Nígbà tó kù díẹ̀ kí tẹ́ńdà parí, wọ́n tún fi ìwé ìkéde mìíràn ránṣẹ́ tó sọ ọ́ di dandan, àmọ́ èdè ìwé náà kò ṣe kedere. Ètò tí AllPay gbé kalẹ̀ kò lè dá èèyàn mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbàkígbà tó bá ń gbowó. Máàkì rẹ̀ já wálẹ̀, ó sì ku CPS nìkan nígbà tó kan ọ̀rọ̀ iye owó. Iye ta wá ni wọ́n fẹ́ fi wé tirẹ̀? Ní ọjọ́ 29 oṣù kọkànlá ọdún 2013, Ilé Ẹjọ́ Òfin Ìpìlẹ̀ ní iṣẹ́ tí wọ́n gbé fún CPS kò bófin mu.

Síbẹ̀, ilé ẹjọ́ kò lé CPS lọ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Nínú ìdájọ́ tí Adájọ́ Johan Froneman kọ ní oṣù kẹrin ọdún 2014, wọ́n ní kí CPS ṣì máa sanwó lọ, kí SASSA pe tẹ́ńdà tuntun láàárín 30 ọjọ́, kó sì máa jábọ̀ fún ilé ẹjọ́. Àwọn kan á ní èrè ìwà àìtọ́ nìyẹn fún CPS. Ìbínú wọn yé mi, ṣùgbọ́n màmá arúgbó tó ń dúró de owó oúnjẹ kò sí nínú àwọn tó ṣètò tẹ́ńdà. Ilé ẹjọ́ náà sì ní CPS kò lẹ́tọ̀ọ́ sí èrè lórí àdéhùn tí kò bófin mu, ó ní kó gbé ìṣirò tí ayẹ̀wé-owó-wò ti yẹ̀ wò wá.

Àtakò tó wúwo jù ni pé adájọ́ kì í ṣe mínísítà, àti pé kò yẹ kí ilé ẹjọ́ máa bá ìjọba ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì. Ẹ jẹ́ ká wo ohun tó ṣẹlẹ̀ nígbà tó mójú kúrò. Ní ọdún 2015, SASSA ní òun kò ní gbé tẹ́ńdà tuntun náà fún ẹnikẹ́ni mọ́, òun fúnra òun ni yóò máa sanwó nígbà tí àdéhùn CPS bá parí. Ilé ẹjọ́ gba ìlérí yìí, ó sì dẹ́kun àbójútó. Ó kéré tán, láti oṣù kẹrin ọdún 2016 ni àwọn aláṣẹ SASSA ti mọ̀ pé ọwọ́ àwọn kò ní ká a, àmọ́ ẹyẹ ò sọ fẹ́yẹ. Black Sash, ẹgbẹ́ ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọnìyàn, ló sáré gba ilé ẹjọ́ lọ. Ní ọjọ́ 17 oṣù kẹta ọdún 2017, nígbà tó ku ọ̀sẹ̀ méjì kí owó ìrànwọ́ tó tó mílíọ̀nù 17 lóṣù di èyí tí kò sẹ́ni tí yóò san án, ilé ẹjọ́ ní kí CPS tún fi ọdún kan kún un, ó sì dá àbójútó padà. Kì í ṣe pé ilé ẹjọ́ fẹ́ gba iṣẹ́ mínísítà ṣe. Ìròyìn lóòrèkóòrè nìkan ni ì bá ti tú àṣírí náà ní ọdún kan ṣáájú, nígbà tí àyè ṣì wà láti pe tẹ́ńdà tó mọ́.

Ní ọdún 2018, ilé ẹjọ́ ní kí Bathabile Dlamini, mínísítà tó ń bójú tó SASSA nígbà tí wàhálà náà ṣẹlẹ̀, fi owó àpò ara rẹ̀ san ìdá 20 nínú 100 owó ẹjọ́ náà. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n lẹ́yìn tí omi ti dànù ni. Iléeṣẹ́ ìfìwéránṣẹ́ ló padà gba iṣẹ́ náà, CPS sì ṣì ń san owó lọ́wọ́ fún àwọn kan títí di oṣù kẹsàn-án ọdún 2018, ọdún kan àti oṣù mẹ́fà lẹ́yìn ọjọ́ tó yẹ kó ti kúrò.