Otis Redding àti ìró inú téèpù

Otis Redding, tí wọ́n bí ní ìpínlẹ̀ Georgia ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1941, wà lára àwọn àgbà olórin soul, ìyẹn orin tí àwọn adúláwọ̀ ilẹ̀ náà pa orin ìjọ àti ti blues pọ̀ ṣe. Láti ọdún 1962 tí ó ti kọ́kọ́ gba ohùn sílẹ̀ ní ilé-iṣẹ́ orin Stax ní Memphis, títí di oṣù Kejìlá ọdún 1967 tí ọkọ̀ òfuurufú rẹ̀ já sínú adágún ní Wisconsin, kò pé ọdún mẹ́fà.

Ilé sinimá àtijọ́ ni Stax sọ di yàrá ìgbohùnsílẹ̀. Ilẹ̀ rẹ̀ ṣì dà gẹ̀rẹ́ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ fún àwọn òǹwòran, inú rẹ̀ sì ni akọrin, onílù, onígìtá àti àwọn afunfèrè ti jọ ń ṣeré lẹ́ẹ̀kan náà. Ìró ìlù a máa yọ́ wọnú máìkì akọrin, nítorí náà bí ẹnìkan bá ṣì í ṣe, gbogbo wọn ni yóò tún un bẹ̀rẹ̀, kò sì sí àní-àní pé èyí wà lára ohun tí ó mú kí orin náà ta gìrì. Mono ni wọ́n ń lò, èyí tí gbogbo ìró fi ń gba ojú ọ̀nà kan ṣoṣo. Ní oṣù Keje ọdún 1965 ni Tom Dowd, onímọ̀ ẹ̀rọ ilé-iṣẹ́ orin Atlantic, wá láti New York fún àwo *Otis Blue*, tí ó sì lo ẹ̀rọ téèpù olójú-ọ̀nà méjì, kí wọ́n lè pín ìró sí ọ̀tún àti òsì, tí à ń pè ní stereo. Kò ju bí ọjọ́ kan lọ tí wọ́n fi parí rẹ̀, wọ́n tilẹ̀ dáwọ́ dúró lálẹ́ kí àwọn òṣèré lè lọ ṣeré ní òde. Nítorí pé mono nìkan ni "I've Been Loving You Too Long" tó ti jáde tẹ́lẹ̀, wọ́n tún un kọ fún àwo náà. Ẹni tó bá ń gbọ́ orin yìí ní stereo, ìgbohùnsílẹ̀ mìíràn gan-an ló ń gbọ́.

Lóde òní, CD tí a fi ń gbọ́ irú àwo bẹ́ẹ̀ a máa wọn ìró nígbà 44,100 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, èyí tí ó tó fún gbogbo ohun tí etí ènìyàn lè gbọ́, nígbà tí MP3 máa ń yọ apá kan ìró náà dànù kí fáìlì lè kéré. Àwọn oníṣòwò a máa polówó nọ́ńbà tó ga jù bẹ́ẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n bí a bá da omi ife kan sínú ìkòkò ńlá, omi náà kò pọ̀ sí i. Kí ẹni tó bá fẹ́ ra *Otis Blue* kọ́kọ́ béèrè bóyá mono ni tàbí stereo, àti irú téèpù tí wọ́n ti dà á kọ, kí ó tó béèrè nọ́ńbà.